Àwọn Ọmọ Tí Wọ́n Ní Wọ́n Ti Kó Lọ

Bí àlejò bá wá sílé tó bi mí pé iṣẹ́ wo ni mo ṣe kí n tó fẹ̀yìn tì, àwọn ọmọ ọmọ mi á ti máa rẹ́rìn-ín, nítorí wọ́n mọ̀ pé àlàyé á gùn. Ká ní tísà ni mí, tàbí nọ́ọ̀sì, ọ̀rọ̀ á tán níbẹ̀. Ṣùgbọ́n bí mo bá ní iṣẹ́ mi ni kí n pín àwọn ènìyàn sí ìsọ̀rí-ìsọ̀rí, kí n sì máa tẹ̀ lé wọn láti ọdún dé ọdún kí n lè mọ ẹni tó kúrò nínú ìsọ̀rí kan bọ́ sí òmíràn, wọ́n á kàn máa wò mí. Ẹnì kan tilẹ̀ bi mí rí bóyá ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ ni mí.

Iṣẹ́ ìwádìí nípa ìgbé ayé ènìyàn ni. Mo ṣe é títí irun mi fi funfun. Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tẹ́ ẹ ń ronú ohun tẹ́ ẹ fẹ́ fi ayé yín ṣe, bó bá jẹ́ òkìkí lẹ fẹ́, ẹ gba ọ̀nà ibòmíràn. Bó bá jẹ́ pé orí kunkun lẹ ní, tí oorun kì í kùn yín bí ìṣirò kò bá tíì pé, ẹ fara balẹ̀ gbọ́ tèmi.

Ọmọ Iléṣà ni mí, inú ilé Mẹ́tọ́díìsì ni wọ́n bí mi sí. Bàbá mi ní oko kòkó, ó sì ń ṣòwò obì. Ní àárín àwọn ọdún tí wọ́n fẹ́ bẹ̀rẹ̀ ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ nílẹ̀ wa, ọ́fíìsì kan ní Òṣogbo ń wá ọmọbìnrin tó mọ̀wé, tó mọ ìṣirò, tó sì gbọ́ èdè Ìjẹ̀ṣà dénú. Wọ́n gbà mí. Owó oṣù náà tó mi í jẹun, ká fi ibẹ̀ sílẹ̀.

Òkè-Fìà ni ọ́fíìsì náà wà, lókè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì kan tí a ti ń gbọ́ fèrè ọkọ̀ ojú irin. Ọ̀gá tó kọ́ mi níṣẹ́ ń jẹ́ Mísítà Lásísì. Ọmọ Òṣogbo ni, ó ti ṣe akọ̀wé ní réluwéè kó tó bọ́ sídìí iṣẹ́ ìṣirò. Ó kúrú, kì í sọ̀rọ̀ sókè, kì í bú ènìyàn. Ohun tó máa ń ṣe ni pé bí o bá ṣàṣìṣe, á rọra fa ìwé náà yọ lọ́wọ́ rẹ, á gbé òmíràn tó mọ́ tónítóní síwájú rẹ, á ní, "Láti ìbẹ̀rẹ̀." Ì bá sàn kó bú mi.

Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, mo rò pé ìwé ni yóò gbé fún mi. Agbọ̀n obì ló gbé sórí tábìlì.

"Mísì Dúpẹ́, pín in."

"Báwo ni kí n ṣe pín in, Ọ̀gá?"

"Ṣebí ọmọ olóbì ni ọ́. Pín in."

Mo pín in sí pupa àti funfun. Kíá ni mo ṣe é, inú mi sì ń dùn. Ó mú ọ̀kan láàárín àwọn pupa, ó gbé e sójú fèrèsé. Kò fi gbogbo ara pupa.

"Èyí ńkọ́?"

"Ó jọ pupa, Ọ̀gá."

"Mi ò bi ọ́ pé kí ló jọ." Ló bá da gbogbo rẹ̀ pọ̀ padà sínú agbọ̀n.

Bí mo ṣe lo ọ̀sẹ̀ kìíní nìyẹn. Mo ti kọ́kọ́ rò pé ó fẹ́ fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ ni, àfi ìgbà tó yé mi. Ó fẹ́ kí n kọ òfin sílẹ̀ kí n tó fọwọ́ kan obì kankan: ibi tí pupa parí sí, ibi tí funfun ti bẹ̀rẹ̀, àti ibi tí èyí tó wà láàárín yóò lọ. Gbogbo obì ló gbọ́dọ̀ ní yàrá tirẹ̀, kò sì gbọdọ̀ sí èyí tí yóò ní yàrá méjì. Nígbà tí mo mọ ìyẹn, ó ní kí n tún wo awẹ́ wọn. Ó fi ṣọ́ọ̀kì fa ìlà sórí tábìlì, àwọ̀ ní ìbú, iye awẹ́ ní òòró, tábìlì wá di ilé oníyàrá púpọ̀. Mo to obì sínú yàrá kọ̀ọ̀kan.

Ó wá bi mí ní ìbéèrè tí mo fi gbogbo ayé mi dáhùn. "Ká ní àwọ̀ obì kò ní nǹkan kan án ṣe pẹ̀lú awẹ́ rẹ̀, obì mélòó ló yẹ kó wà nínú yàrá yìí?"

Mo ka èyí tó wà níbẹ̀ fún un.

"Èyí tí o rí nìyẹn. Èyí tí ó yẹ kí o retí ni mo bi ọ́."

Ó pẹ́ kó tó yé mi. Mo lọ sunkún ní ẹ̀yìnkùlé lọ́jọ́ kan nítorí rẹ̀. Ṣùgbọ́n nígbà tó yé mi, ó yé mi pátápátá. O kọ́kọ́ ṣírò iye tó yẹ kó wà nínú yàrá kọ̀ọ̀kan bó bá jẹ́ pé ńṣe ni nǹkan kàn rí bẹ́ẹ̀ ṣáá. O wá fi wé iye tí o rí. Bí ìyàtọ̀ náà bá kéré, má tíì pariwo. Bó bá pọ̀ ju ohun tí èèṣì lè ṣe, nǹkan kan wà níbẹ̀, lọ wá a. Gbogbo ìwé ńláńlá tí mo kà lẹ́yìn náà, orí èyí ni wọ́n kọ́lé lé.

Iṣẹ́ gan-an wà ní Odò-Àpáta, ìlú kékeré kan lọ́nà Ìmẹ̀sí-Ilé. Wọ́n ti ṣí ilé ìtọ́jú ọmọ síbẹ̀, yàrá kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ ṣọ́ọ̀ṣì, pẹ̀lú nọ́ọ̀sì kan ṣoṣo. Àwọn tó ń náwó sí i fẹ́ mọ̀ bóyá ó ń ṣe àwọn ọmọ láǹfààní. Iṣẹ́ tèmi ni kí n kọ orúkọ gbogbo ọmọ kékeré ìlú náà, kí n máa padà lọ bẹ̀ wọ́n wò lẹ́ẹ̀mẹ́ta lọ́dún, kí n wọ̀n wọ́n, kí n sì fi ọmọ kọ̀ọ̀kan sí yàrá tirẹ̀: ara rẹ̀ le, ó ń fà sẹ́yìn, ó ń ṣàìsàn, ó ti kú, tàbí wọ́n ti gbé e kúrò nílùú.

Mo bi Mísítà Lásísì pé kí ló dé tó fi gbọ́dọ̀ jẹ́ ọmọ kan náà ni mà á máa tẹ̀ lé. Ṣé kò tó kí n wọn àwọn tí mo bá bá? Ó ní, "Bí o bá ka èrò ọjà lónìí, tí o tún kà wọ́n lọ́jọ́ ọjà tó ń bọ̀, tí iye náà sì bára mu, ṣé ìyẹn sọ pé àwọn kan náà ló wá? Orúkọ ni kí o tẹ̀ lé, má tẹ̀ lé iye."

Àwọn ìyá Odò-Àpáta fi mí ṣẹ̀fẹ̀ dáadáa. Wọ́n sọ mí ní Mísì Oníwọ̀n. Wọ́n á ní ṣé mo fẹ́ ra ọmọ àwọn bí ẹni ra kòkó ni. Èmi náà mọ ohun tí mò ń ṣe. Nílẹ̀ wa, ènìyàn kì í dúró lójú ìyá kó máa ka ọmọ rẹ̀, nítorí náà mi ò bi ẹnikẹ́ni rí pé ọmọ mélòó lẹ bí. Mà á kí wọn, mà á jókòó, mà á wá bi wọ́n pé, "Ta ni àwọn tó mu ẹ̀kọ nínú ilé yìí láàárọ̀?" Wọ́n á dárúkọ wọn fún mi pẹ̀lú ẹ̀rín, èmi á máa kọ ọ́.

Ọmọ kọ̀ọ̀kan ní káàdì tó nípọn, tí wọ́n lu ihò sí etí rẹ̀ yípo. Ihò kọ̀ọ̀kan dúró fún yàrá kan. Bí ọmọ bá bọ́ sí yàrá kan, mà á fi sísọ́ọ̀sì gé etí ihò náà kó là. Bí a bá wá fẹ́ mọ àwọn tó ń fà sẹ́yìn, a ó kó gbogbo káàdì jọ, a ó ti irin tí wọ́n fi ń hun súẹ́tà bọ ihò yẹn, a ó gbé e sókè, a ó gbọ̀n ọ́n. Àwọn tí a ti gé á já bọ́ sílẹ̀. Mo fẹ́ràn ìró tí wọ́n máa ń ṣe bí wọ́n bá ń já bọ́.

Fún ọdún méjì, ìròyìn tí à ń kọ dára. Nígbà gbogbo tí mo bá lọ, àwọn tó ń fà sẹ́yìn á dín kù sí i. Inú wa dùn ní ọ́fíìsì. Mísítà Lásísì gan-an, tí kì í náwó bẹ́ẹ̀, ra bísíkíìtì fún wa.

Lọ́jọ́ kan ní àsìkò kòkó, Nọ́ọ̀sì Odò-Àpáta gun pẹ̀tẹ́ẹ̀sì wa wọlé pẹ̀lú eruku lọ́rì lára. Ìyá àgbà ni, a máa ń pè é ní Màámi Nọ́ọ̀sì. Ó na ìwé kan sí ọ̀gá. Wọ́n kọ ọ́ síbẹ̀ pé níwọ̀n ìgbà tí ìwádìí ti fi hàn pé ara àwọn ọmọ Odò-Àpáta ti le, wọ́n fẹ́ ti ilé ìtọ́jú náà bí Kérésìmesì bá ti kọjá, kí wọ́n gbé nọ́ọ̀sì lọ sí ibòmíràn.

"Ọ̀gá Lásísì," ó ní, "ẹ̀yin lẹ kọ ọ́ pé ara wọn le. Àwọn ọmọ wo ni? Àwọn tí wọ́n ń pọ̀n wá bá mi láti abà, ẹsẹ̀ wọn á ti wú, irun wọn á ti pọ́n, ọ̀rọ̀ á ti fẹ́rẹ̀ẹ́ bọ́ lọ́wọ́ kí wọ́n tó gbé wọn dé. Wọn ò dín kù. Ńṣe ni wọ́n ń pọ̀ sí i."

Ọ̀gá ò jiyàn. Ó ní kí n kó gbogbo káàdì wá.

A fi irin bọ ihò "wọ́n ti gbé e kúrò nílùú". Àwọn tó já bọ́ pọ̀ ju bí mo ṣe rò lọ, nítorí díẹ̀díẹ̀ ni mo ń gé wọn, mi ò kó wọn jọ wò rí. Òfin wa ni pé bí a bá dé ilé tí a ò bá ọmọ, tí àwọn ará ilé sọ pé ó ti lọ, a ó yọ ọ́ kúrò nínú àwọn tí à ń kà. Òfin náà mọ́gbọ́n dání lójú gbogbo wa.

Ọ̀gá mú ṣọ́ọ̀kì. Ó fa ìlà sórí tábìlì, ọjọ́ orí ní òòró, àwọn tó kù nílé àti àwọn tó ti lọ ní ìbú. "Mísì Dúpẹ́, kọ èyí tí o retí."

Mo ṣírò rẹ̀. Bó bá jẹ́ pé ńṣe ni àwọn ìdílé ń kó kúrò nílùú lásán, ìkókó á máa bá wọn lọ, ọmọ tó ti ń sáré kiri náà á máa bá wọn lọ. A wá to káàdì sílẹ̀. Ìkókó tó lọ kò tó nǹkan. Àwọn tó ti dàgbà díẹ̀ tó lọ kò tó nǹkan. Ọjọ́ orí kan ṣoṣo ló kún àkúnya. Mo wò ó, mo sì mọ ohun tó jẹ́.

"Ọ̀gá, wọ́n já wọn lẹ́nu ọmú ni."

Kò sí ẹni tó ní láti ṣàlàyé fún ẹnì kejì nínú àwa mẹ́ta. Bí wọ́n bá fẹ́ já ọmọ lẹ́nu ọmú lọ́dọ̀ wa, ìyá ìyá rẹ̀ ni wọ́n ń gbé e fún kó lè gbàgbé ọmú. Abà ni ọ̀pọ̀ ìyá àgbà sì wà, wọ́n ń bójú tó kòkó. Wọ́n gbé èmi náà lọ bẹ́ẹ̀. Wọ́n gbé Mísítà Lásísì náà lọ. Ohun tó mọ́ wa lára tó bẹ́ẹ̀, ojú wa ò rí i. Ká ní àjèjì ló ń ṣiṣẹ́ náà, á ti béèrè pé, "Ó lọ síbo?" Àwa gbọ́ pé ó ti lọ, a mi orí, a gé káàdì. Ẹ̀kọ mímu lásán ni ọ̀pọ̀ wọn sì ń rí lọ́hùn-ún, láìsí ẹyin, láìsí ẹ̀wà, ní àsìkò tí ara ọmọ nílò oúnjẹ jù. Bí ọmọ bá ti dé ọjọ́ orí tó le jù, á jáde kúrò nínú ìṣirò wa. Àwọn tó kù nílùú á sì máa dán.

Inú bí mi, mo sì mú kálámù.

"A ó kọ̀wé pé ara wọn kò le," mo ní.

"A ò tíì rí wọn," ni Mísítà Lásísì wí. "Ohun kan ṣoṣo tí a mọ̀ báyìí ni pé a ò mọ̀."

"Mà á lọ wá wọn, Ọ̀gá."

"Àwọn wo?"

"Gbogbo wọn."

Ó ní, "Bó bá jẹ́ àwọn tó sún mọ́ títì nìkan lo rí, tí o fi àwọn tó jìnnà sílẹ̀, irọ́ mìíràn lo gbé wálé. Ṣé o gbọ́?"

Mo gbọ́. Mo gbé kẹ̀kẹ́ mi àti òṣùwọ̀n, mo sì lọ kí ọdún tó parí mọ́ wa lọ́wọ́.

Mà á ní láti mọ abà tí ọmọ kọ̀ọ̀kan wà lọ́wọ́ ìyá rẹ̀, ìyẹn nìkan sì tó ìjà. Morádékẹ́, aránṣọ kan tí ọmọ rẹ̀ ń jẹ́ Bọ́sẹ̀, kò fẹ́ sọ rárá. Bọ́sẹ̀ ni ọmọ rẹ̀ kan ṣoṣo.

"Ọmọ tí mo gbé fún ìyá mi lẹ fẹ́ lọ máa wọ̀n kiri?" ó ní. "Kí àwọn ènìyàn lè sọ pé mo gbé ọmọ mi jù nù?"

"Kò sẹ́ni tí yóò sọ bẹ́ẹ̀, Ìyá Bọ́sẹ̀. Mo fẹ́ rí i ni."

"Ó wà. Ara rẹ̀ le. Ẹ kọ ọ́ bẹ́ẹ̀."

"Mi ò lè kọ ohun tí mi ò rí."

Mo jókòó sí ẹnu ọ̀nà rẹ̀, ó ń ránṣọ, kò wo ojú mi. Mo sọ fún un pé mi ò ní kúrò. Nígbà tó ṣe, ó fi ẹnu júwe ọ̀nà láìgbé orí sókè.

Abà náà wà lókè odò. Mo gbé kẹ̀kẹ́ lérí kọjá omi. Ìyá àgbà náà ń sá kòkó sórí ẹní. Ó kí mi, ó fi èdè Ìjẹ̀ṣà bi mí ṣé láti ulé ni mo ti ń bọ̀, ó fún mi lómi mu. Mo bi í léèrè ọmọ. Ó ní ó ń sùn. Mo ní mà á dúró kó jí.

"Ọmọ tí ara rẹ̀ kò dá, a kì í gbé e síta fójú àlejò, ọmọ mi," ó ní. "Ìwọ náà mọ̀."

"Mo mọ̀, Yèyé. Mo wá nítorí pé mo mọ̀ ni."

Ó wọlé, ó sì gbé e jáde. Mo ti wọn Bọ́sẹ̀ nígbà tó ṣì ń mu ọmú, ó sanra nígbà náà, ó sì gbá mi létí mú. Ọmọ tí wọ́n gbé síwájú mi kò wo ẹnikẹ́ni. Ẹsẹ̀ rẹ̀ wú, awọ rẹ̀ ń bó. Ìyá àgbà náà ń sunkún láìpariwo, ó ní, "Mò ń fún un lẹ́kọ. Kì í mu ún." Kò pa ọmọ náà tì. Kò sẹ́ni tó sọ fún un pé ẹ̀kọ nìkan kò tó ni. Mo pọ̀n ọ́n, a jọ rìn lọ sọ́dọ̀ Màámi Nọ́ọ̀sì.

Bọ́sẹ̀ kú kí ọ̀sẹ̀ náà tó parí.

Mo mú káàdì rẹ̀ lọ sí Òṣogbo. Mi ò lè gé ihò "ó ti kú". Mo jókòó tì í pẹ̀lú sísọ́ọ̀sì lọ́wọ́ títí Mísítà Lásísì fi dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Ó ní, "Gé e. Bí o ò bá gé e, á padà di ọmọ tó ti lọ, àwọn tó jókòó sí ọ́fíìsì á sì tún yọ̀." Mo gé e. Lọ́jọ́ kejì, mo padà sí abà.

Mo rí èyí tó pọ̀ jù nínú wọn. Àwọn díẹ̀ wà tí mi ò rí títí àsìkò fi tán. Ọ̀gá kò jẹ́ kí n fi wọ́n sí yàrá kankan, ó ní a ó kọ ọ́ gbangba pé a kò rí wọn. Ó wá ṣe ìṣirò náà lẹ́ẹ̀mejì. Nínú èkíní, ó mú un pé ara gbogbo àwọn tí a kò rí le. Nínú èkejì, ó mú un pé gbogbo wọn ń ṣàìsàn. Kódà nínú èkíní, ọ̀rọ̀ àwọn ọmọ náà ṣì burú ju èyí tí a ti kọ́kọ́ kọ ránṣẹ́. Ó fọwọ́ ara rẹ̀ kọ̀wé sí àwọn àgbà ọ̀gá pé ìròyìn wa tẹ́lẹ̀ kò tọ̀nà, ó sì ṣàlàyé ìdí rẹ̀. Wọ́n bá a wí gidigidi. Kò sọ ohun tí wọ́n sọ fún un fún wa. Ṣùgbọ́n wọn kò ti ilé ìtọ́jú náà mọ́, wọ́n sì ní kí Màámi Nọ́ọ̀sì máa ní ọjọ́ tí yóò máa lọ sí abà.

Láti ìgbà náà, irinṣẹ́ ti yí padà lójú mi lọ́pọ̀ ìgbà. A kúrò lórí irin àti káàdì, a bọ́ sórí ẹ̀rọ ìṣirò tí a ń fi ọwọ́ yí, tó máa ń dun apá. Lẹ́yìn rẹ̀ ni ẹ̀rọ tó tóbi tó yàrá kan ní Ìbàdàn, tí a ó kó iṣẹ́ lọ bá, tí a ó sùn tì kó tó dáhùn. Lẹ́yìn rẹ̀ ni kọ̀ǹpútà orí tábìlì. Ọ̀nà ìṣirò náà dára sí i. Ní báyìí, wọ́n lè wo ọ̀nà tí ọmọ kọ̀ọ̀kan ń gbà dàgbà lọ́tọ̀, láìdà á pọ̀ mọ́ tàwọn yòókù, wọ́n sì ní ọgbọ́n fún àwọn tó sọnù láàárín ọ̀nà. Mo kọ́ gbogbo rẹ̀ bó ṣe ń dé, mo sì fi kọ́ ẹlòmíràn. Ẹ kọ́ ọ, ó wúlò. Ṣùgbọ́n kò sí ẹ̀rọ kankan nínú wọn tó ní kí n jókòó sídìí iṣẹ́ yìí nígbà tí àwọn ẹgbẹ́ mi ń lọ síbi tí owó wà. Odò-Àpáta ni mo ti rí ìdí.

Ọdún tó tẹ̀ lé ọdún tí Bọ́sẹ̀ kú ni. Mo padà lọ fún àbẹ̀wò. Láti ọjọ́ tí wọ́n sin ọmọ náà, Morádékẹ́ kò bá mi sọ̀rọ̀, bí mo bá kí i, á yíjú sápá kan. Mo ti pinnu pé mi ò ní yà sílé rẹ̀ kí n má baà tún ọgbẹ́ rẹ̀ dá. Ibi tí mo ti ń kọjá lọ ni mo ti gbọ́ ohùn rẹ̀.

"Mísì Oníwọ̀n."

Mo dúró. Ó ń tú ọ̀já lẹ́yìn. Ọmọkùnrin kan ló wà níbẹ̀, kò tíì pẹ́ tó dáyé. Kò fún mi láyè láti kí i kú ewu ọmọ. Ó gba òṣùwọ̀n lọ́wọ́ mi, ó fi ọwọ́ ara rẹ̀ gbé ọmọ náà sí i, ó ń wo ojú mi.

"Rótìmí lorúkọ rẹ̀," ó ní. "Ẹ kọ ọ́."

Mo kọ ọ́. Kò mọ̀wé, ṣùgbọ́n ó dúró tì mí títí mo fi kọ ọ́ tán, ó fi ìka rẹ̀ tọ orúkọ náà láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin.

"Bí ẹ bá dé lọ́jọ́ kan tí ẹ ò bá a," ó ní, "tí ẹnikẹ́ni bá sọ fún yín pé ó ti lọ, kódà bó bá jẹ́ èmi ni mo sọ ọ́, ẹ má gbà. Ẹ wá a."